Bá Mi Kí Ẹni Tó Fẹ́ràn Omi Tútù

Ọmọ mi ọ̀wọ́n, àkọ́bí mi,

Kí Ẹni tó jí mi lórí àga onígi láàárọ̀ yìí jẹ́ kí lẹ́tà mi bá ọ lórí ìdúró, kí ó sì bá ọ pẹ̀lú ẹ̀rín lẹ́nu. Ṣé iṣẹ́ ń lọ déédéé? Ṣé òrùlé yàrá rẹ kò jò mọ́? Ọ̀gá rẹ tí o ní kì í rẹ́rìn-ín ńkọ́? Mò ń fi í sínú àdúrà, nítorí ẹni tí kì í rẹ́rìn-ín, ohun kan ń dùn ún níbì kan ni. Ìyá rẹ kí ọ púpọ̀púpọ̀. Mo kọ́kọ́ kọ èyí sílẹ̀ kí ọkàn rẹ lè balẹ̀ kí o tó ka ìyókù: ìyá rẹ wà láàyè, ó jókòó tì mí, ó sì ti ń sọ pé ìkíni mi gùn ju ọ̀rọ̀ tí mo fẹ́ sọ lọ.

Ó rẹ̀ mí, ọmọ mi. Kì í ṣe irú àárẹ̀ tí oorun máa ń wò sàn. Mo jókòó lórí àga ọ̀dẹ̀dẹ̀ ilé ìwòsàn yìí títí ìṣó tó yọ orí lára rẹ̀ fi mọ̀ mí bí mo ṣe mọ̀ ọ́n. Má bínú pé a kò pè ọ́. Ìyá rẹ ló ní kí a má dà ọ́ láàmú lẹ́nu iṣẹ́, nígbà tí kò sì lè sọ̀rọ̀ mọ́, kò sí ẹni tí yóò bá mi tẹ fóònù náà.

Abo màlúù tí o fi owó iṣẹ́ rẹ rà fún wa ló bẹ̀rẹ̀ rẹ̀. Ó jẹko dáadáa títí di àṣálẹ́. Nígbà tí ilẹ̀ mọ́, ó ti nà gbalaja, ẹ̀jẹ̀ dúdú ń ṣàn ní imú rẹ̀. O mọ ìyá rẹ, kò lè wo ohunkóhun kí ó ṣòfò. Ó ní ẹ̀bùn ọmọ òun kò ní lọ bẹ́ẹ̀, bí ẹran náà kò bá tilẹ̀ ṣe é jẹ, òun yóò bó awọ rẹ̀, a ó máa jókòó lé e, a ó sì máa rántí rẹ. Ó mú ọ̀bẹ, ó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́. Ẹ̀gún igi ìdáná sì ti ha á lọ́rùn ọwọ́ tẹ́lẹ̀, ṣùgbọ́n ta ni í ka ẹ̀gún sí? Alágbẹ̀dẹ, aládùúgbò wa, ti gbé abọ́ dé. Mo ní kí a ṣe sùúrù, ó ní sùúrù kì í yó ènìyàn.

Ibẹ̀ ni a wà nígbà tí dókítà ẹran, tí ọ̀rọ̀ náà ti dé etí rẹ̀, gun alùpùpù dé, tó sì figbe ta láti òkèèrè pé kí gbogbo wa kúrò nídìí òkú náà. Ó ní àrùn kan tí wọ́n ń pè ní àǹtíráàsì ló pa á, pé àrùn ẹran ni, ṣùgbọ́n ó máa ń ran ènìyàn, ó sì lè sùn sínú ilẹ̀ fún ọ̀pọ̀ ọdún bí ẹni tí kò ní jí mọ́. Wọ́n to igi, wọ́n dáná sun ún pátápátá, wọ́n sì bo eérú rẹ̀ mọ́ ihò jíjìn. Alágbẹ̀dẹ dúró ti iná náà pẹ̀lú abọ́ òfìfo, ó ní láti ọjọ́ tí òun ti ń fẹ́ná, òun kò rí iná tó jẹun tó báyìí rí, tí kò sì ní kí ẹnikẹ́ni bá òun jẹ.

Dókítà ẹran ní kí ẹni tó bá fọwọ́ kàn án lọ sí ilé ìwòsàn. Ìyá rẹ ní òun ti fi ọṣẹ wẹ ọwọ́. Lẹ́yìn ìgbà díẹ̀, ohun kan yọ sí i lọ́rùn ọwọ́ bí ìgbà tí ẹ̀fọn bá jẹ ni, ó ń yún un. Ó di egbò, àárín rẹ̀ sì dúdú bí èédú, ṣùgbọ́n kò dùn ún rárá. Nítorí pé kò dùn ún, a gbà pé kò le. Kọ́ èyí lára wa, ọmọ mi: ohun tí kò dunni lè pani. Kí a tó mọ ohun tó ń ṣẹlẹ̀, apá rẹ̀ ti wú, ara rẹ̀ gbóná, kò lè mí dáadáa, ó sì ń fi orúkọ rẹ pè mí.

Nílé ìwòsàn, wọ́n fún un ní oògùn tí ń pa kòkòrò àrùn. Ẹ̀rọ kan wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ibùsùn rẹ̀ tó ń ké pí, pí. Mo kíyè sí i pé bí mo bá ti mú ẹnu kúrò nínú ẹbẹ̀ kan, yóò ké. Inú mi dùn pé ẹnìkan ń bá mi ṣe àmín, mo sì ń dúró dè é kí n tó bọ́ sí ẹbẹ̀ tó kàn. Nọ́ọ̀sì kan tó ń lo gíláàsì ojú ló wá ṣàlàyé pé ọkàn ìyá rẹ ni ẹ̀rọ náà ń kà. Mo bi í pé kí ni mo sọ tó yàtọ̀ sí ìyẹn?

Ara kò sì yá. Dókítà ní àwọn kòkòrò náà ń kú, ṣùgbọ́n oró tí wọ́n ti tú sílẹ̀ ṣì ń rìn nínú ẹ̀jẹ̀. Ó yé mi: a ti mú olè, ṣùgbọ́n iná tó ti sọ sórí òrùlé ṣì ń jó. Ó ní oògùn kan wà tó ń gbá oró náà mú kí ó má lè ṣe ibi mọ́, ṣùgbọ́n ìlú ńlá tí ìwọ wà ni yóò ti wá, nínú àpótí yìnyín, òun kò sì lè ṣèlérí pé yóò bá a láyé. A dúró. Ọmọ mi, a dúró. Mo ka gbogbo àdúrà tí mo kọ́ nílé ìwé míṣọ́n tán, mo tún bẹ̀rẹ̀ wọn láti ìbẹ̀rẹ̀.

Nígbà tí oògùn náà dé, mo fọwọ́ kan ìgò rẹ̀, ó tutù nini. O sì mọ̀ pé láti ọjọ́ tí mo ti gbé ìyá rẹ níyàwó, kò fi ẹnu kan omi tútù rí, omi lílọ́wọ́ọ́wọ́ ni tirẹ̀ nígbà òjò àti nígbà ẹ̀ẹ̀rùn. Mo wá fi ọ̀wọ̀ bẹ nọ́ọ̀sì onígíláàsì pé kí ó bá wa gbé e kaná díẹ̀. Ọmọ náà fo sókè! Ó ní bí òun bá gbé e kaná, ó ti bàjẹ́ nìyẹn, pé ẹyin tí a bá sè kì í di òròmọdìyẹ mọ́. Mo tọrọ àforíjì. Mo wá bi í pé kí ni wọ́n fi ṣe é tó fi ṣẹlẹgẹ́ tó bẹ́ẹ̀.

Ó ní bí wọ́n bá fún ènìyàn ní abẹ́rẹ́ àjẹsára àrùn yìí, ẹ̀jẹ̀ onítọ̀hún yóò kọ́ àwọn ọmọ ogun tó mọ oró náà bí ẹni mọ owó, tí wọn yóò sì máa dì í mú. Ó ní àwọn kan wà tí wọ́n ń ṣe irú rẹ̀ nílé ìwádìí láìgba ẹ̀jẹ̀ lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni, ṣùgbọ́n èyí tó wà lọ́wọ́ òun yìí, inú ẹ̀jẹ̀ àwọn ènìyàn tó ti gba àjẹsára ni wọ́n ti sẹ́ ẹ.

Mo dìde. Mo ṣí fìlà. Mo ní kí ó sọ orúkọ wọn fún mi àti ibi tí wọ́n ń gbé, kí n lè lọ kí wọn, nítorí ẹni tí a ṣe lóore tí kò dúpẹ́, bí ọlọ́ṣà kó ni lẹ́rù lọ ni. Ó ní wọ́n pọ̀, pé kò sí ẹni tó mọ orúkọ wọn níbí, wọn kò sì béèrè ẹni tí ìyá rẹ jẹ́ kí wọ́n tó fi ẹ̀jẹ̀ wọn sílẹ̀. Mo bi í pé ṣé àna ni wọ́n ti di fún mi báyìí ni tàbí ìyekan ìyàwó mi. Ó ní, Bàbá, ẹ jẹ́ kí omi yìí kán wọ ara Màmá ná, a ó yanjú ẹbí tó bá yá.

Ó kán, ó kán. Èmi náà ń wò ó. Ọmọ mi, ní ọ̀sán ọjọ́ kejì ni ìyá rẹ lajú, tó wò mí, tó sì ní kí n fún òun ní omi. Mo bu èyí tó lọ́ wọ́ọ́rọ́. Ó mi orí. Ó ní tútù ni òun fẹ́.

Mo sunkún, n kò purọ́ fún ọ. Lẹ́yìn náà ni mo ronú, tí ó sì yé mi: ọ̀kan nínú àwọn tó fún un ní ẹ̀jẹ̀ fẹ́ràn omi tútù. Mo ti mọ ohun kan nípa rẹ̀ nìyẹn. Nọ́ọ̀sì rẹ́rìn-ín títí ó fi bọ́ gíláàsì nù, ó ní ẹ̀jẹ̀ kì í gbé ìwà kiri, mo sì jẹ́ kí ó rẹ́rìn-ín, nítorí ó ti ṣiṣẹ́ kára. Ṣùgbọ́n ó tún sọ ohun kan tó bà mí nínú jẹ́, pé àwọn ọmọ ogun àlejò náà kò ní pẹ́ lára ìyá rẹ, díẹ̀díẹ̀ ni wọn yóò máa tán lọ. Báwo ni a ṣe ń ṣe irú èyí? Àlejò wá, ó bá ni pa iná orí òrùlé, ó sì lọ láìsí ẹni tó sìn ín dé ọ̀nà.

Mo ká apá aṣọ mi sókè, mo ní kí wọ́n gba tèmi fún ẹlòmíràn. Nọ́ọ̀sì wo ojú mi, ó ní, Bàbá, ìwọ̀nba tó kù yìí, ẹ máa lò ó.

Nítorí náà ni mo ṣe ń kọ̀wé sí ọ. Fi owó díẹ̀ ránṣẹ́ fún ọkọ̀ tí yóò gbé wa relé àti fún ọṣẹ, nítorí ọwọ́ ìyá rẹ kò tíì lè di nǹkan mú, èmi ni n ó sì máa fọ aṣọ. Má ra màlúù mìíràn. Ṣùgbọ́n ohun tí mò ń tọrọ gan-an ju owó lọ: lọ sí ibi tí wọ́n ti ń gba ẹ̀jẹ̀ nínú ìlú yín, kí o fún wọn nínú tìrẹ. Nọ́ọ̀sì ní kò lè di irú oògùn tí a fún ìyá rẹ, nítorí o kò gba àjẹsára yẹn, ṣùgbọ́n yóò wúlò fún ẹni tí ẹ̀jẹ̀ bá tán lára rẹ̀. Mo mọ̀ pé o ń bẹ̀rù abẹ́rẹ́. N kò gbàgbé ọjọ́ tí àwọn alájẹsára wá sílé ìwé, tí a fi wá ọ títí, tí a bá ọ láàárín àwọn ewúrẹ́, tí ìyá rẹ sì sọ ọ́ ní Sáré-má-wẹ̀yìn. Ní báyìí, wẹ̀yìn, ọmọ mi. Jẹun kí o tó lọ. Má bá ẹnikẹ́ni jà láàárọ̀ ọjọ́ náà, ì báà jẹ́ ọ̀gá rẹ, nítorí ohunkóhun tí nọ́ọ̀sì ìbáà sọ, n kò fẹ́ kí ẹni tó wà lórí ibùsùn gba ìbínú wa mọ́ ẹ̀jẹ̀. Bí o bá sì pàdé ẹnìkan níbẹ̀ tó ń mu omi tútù, bá mi kí i dáadáa.

Ọlọ́run yóò fún ọ ní ẹni tí ìwọ kò mọ̀, tí yóò dúró tì ọ́ lọ́jọ́ tí àwa tí o mọ̀ kò bá lè dé. Àmín.

Èmi ni baba rẹ tó fẹ́ràn rẹ.

Ìyá rẹ ní kí n kọ ọ́ síbí pé ọ̀fun òun ló gbẹ lọ́jọ́ náà, pé kò sí ọ̀rọ̀ ẹbí kankan níbẹ̀. Ó sọ ọ́ tán, ó wá ní kí n bu omi wá fún òun, kí n má sì gbé e kaná.