Apẹ̀rẹ̀ Obì Tí Wọn Kì Í Tú

Bàbá mi, olówó orí ìyá mi,

Ẹ kú àtọjọ́ mẹ́ta. Mi ò ní purọ́ fún yín, inú ń bí mi bí mo ṣe ń kọ ìwé yìí. Bí ẹ bá rí ibi tí bírò ti fẹ́ fa ìwé ya, ìbínú ni mo fi tẹ̀ ẹ́. Ọjọ́ Jímọ̀ tó kọjá ni mo wá síbi sàréè yín. Mo fa koríko, mo ṣe àdúà, mo dúró títí ẹsẹ̀ fi ń ro mí, ṣùgbọ́n ohun tí mo bá wá kò jáde lẹ́nu mi. Àbúrò yín wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi, ojú sì ń tì mí. Ìdí nìyí tí mo fi ń kọ ọ́ sílẹ̀.

Epo ti tún gbówó lórí. Mo mọ̀ pé ẹ ó ti máa rẹ́rìn-ín, ẹ ó ní ìgbà wo ni kì í gbówó lórí. Rárá o, Bàbá, èyí yàtọ̀. Nígbà tí ẹ wà láyé, bí epo bá wọ́n, a máa ń tò sí ilé epo, a máa ń bú ìjọba, ó sì máa ń rọlẹ̀ díẹ̀. Láti ìgbà tí ìjọba ti ní àwọn yọwọ́ nínú bíbá wa san lára owó epo, kò sí ẹni tó ń bi wá bóyá a jẹun tàbí a ò jẹun. Ogun bẹ́ sílẹ̀ níbi tí àwọn ọkọ̀ ojú omi tó ń kó epo ń gbà kọjá, ní ilẹ̀ àwọn Lárúbáwá lọ́hùn-ún. Kò ju ọjọ́ mélòó kan lọ, wọ́n ti yí iye owó padà lára ẹ̀rọ epo ní Ṣàgámù níbí. Àwọn tó ń ju bọ́ǹbù lu ara wọn kò mọ ibi tí Mákùn àdúgbò wa wà, wọn ò sì mọ obì yàtọ̀ sí òrógbó. Wọ́n ní bí erin méjì bá ń jà, koríko ló ń fara gbá a. Mo gbọ́. Koríko tó wà lábẹ́ ẹsẹ̀ erin ni wọ́n sọ bẹ́ẹ̀ fún. Àwa tí a ò rí erin náà sójú ńkọ́?

Ìtàn yín gan-an ló tún ń bí mi nínú. Ẹ rántí èyí tí ẹ máa ń sọ fún wa lẹ́yìn oúnjẹ, tí ẹ ó ti máa fi èékánná bó èèpo obì? Ẹ ní ọ̀dọ́kùnrin ni yín nígbà tí àwọn Lárúbáwá bínú sí àwọn òyìnbó, tí wọ́n sé epo mọ́ wọn. Epo wọ́n káàkiri ayé, owó wá ya wọ ilẹ̀ wa bí àgbàrá òjò. Ìjọba fi kún owó oṣù, àwọn tíṣà Ìkẹ́nnẹ́ ń ra alùpùpù, ìrẹsì òyìnbó kún ọjà, ẹ̀yin náà ra lọ́rì yín àkọ́kọ́. Ẹ máa ń parí rẹ̀ sí ibì kan náà: ogun wọn lọ́hùn-ún, ọdún tiwa níbí. Gbogbo wa á sì rẹ́rìn-ín. Ẹ kì í sọ pé ọdún yẹn náà lẹ ta oko obì bàbá yín, nítorí pé ta ló tún fẹ́ fi ọkọ́ ro oko nígbà tí epo ń sanwó fún gbogbo ènìyàn. Ìyá mi ló sọ ìyẹn fún mi, lẹ́yìn tí ẹ ti lọ. Àtìgbà náà, obì olóbì là ń rà.

Ó dáa, ẹ dá mi lóhùn. Epo kan náà ni, ilẹ̀ kan náà ni wọ́n ti ń wà á. Ó wọ́n láyé yín, a là. Ó wọ́n láyé tèmi, ìṣẹ́ ń ṣẹ́ wa. Kí ló yí padà? Ọkùnrin kan ń ṣàlàyé nínú rédíò pé tútù là ń ta epo tiwa, pé sísè la tún ń rà á padà, àti pé èyí tí wọ́n ń sè nítòsí wa náà, dọ́là ni wọ́n fi ń díwọ̀n rẹ̀. Mo pa rédíò náà. Etí odò la ń gbé, itọ́ la fi ń ṣan ọwọ́, ẹnì kan sì jókòó sí Èkó tó ń ṣàlàyé itọ́ fún mi.

Ẹ jẹ́ kí n bọ́ sórí ọ̀rọ̀ tí mo bá wá.

Ẹ mọ bí ẹ ṣe máa ń ṣe. Ẹ kì í fi ojú wo obì kí ẹ tó fi imú gbóòórùn rẹ̀. Ẹ ó ká apá bùbá yín, ẹ ó ti ọwọ́ bọ inú apẹ̀rẹ̀ títí dé ìgúnpá, ẹ ó sì dijú. Bí ó bá móoru níbẹ̀, ẹ ó ní ká tú gbogbo rẹ̀, ká ṣà á, ká pààrọ̀ ewé, ì báà jẹ́ pé lọ́rì ti ń fọn fèrè níta. Ẹ ní obì ń mí, bí ó bá pẹ́ jù nínú ewé kan náà, èémí ara rẹ̀ ni yóò pa á. Ọjọ́ kẹrin kẹrin, kò gbọdọ̀ yẹ̀. Nítorí ìyẹn ni wọn kì í fi í tú apẹ̀rẹ̀ yín ní Kánò. Ti àwọn yòókù, wọ́n á tú u, wọ́n á dà á sórí ẹní lójú gbogbo ọjà, wọ́n á máa yẹ̀ ẹ́ wò níkọ̀ọ̀kan. Tiyín tí ẹ fi òwú pupa rán lẹ́nu, bó ṣe dé ni Àlàájì Garba, ọ̀rẹ́ yín tó ń bá wa gba ẹrù lọ́hùn-ún, ń tà á. Bẹ́ẹ̀ ni ẹni tó rà á ń gbé e kọjá ààlà lọ sí ilẹ̀ Nìjẹ̀r, láìtú u. Nígbà tí ẹ ń fi ilé obì lé mi lọ́wọ́, ẹ ò bá mi sọ̀rọ̀ owó. Òwú pupa lẹ kọ́kọ́ fi lé mi lọ́wọ́.

Nígbà ìkórè tó kọjá, a ti rán ẹnu gbogbo apẹ̀rẹ̀, ẹrù lọ́rì kan gbáko, ó yẹ kí ó gbéra ní ọjọ́ Ajé. Dísẹ́ẹ̀lì ò sí. Awakọ̀ ní ó di ọ̀la. Lọ́jọ́ kejì ó ní ó di ọ̀tunla. Ọjọ́bọ̀ ni Ìyá Rìsí, tó ti ń bá yín ṣa obì kí wọ́n tó bí mi, rìn wá láti Ìjọkù, nítorí pé agbára rẹ̀ ò ká owó kẹ̀kẹ́ mọ́. Ó ki ìka bọ ẹ̀gbẹ́ apẹ̀rẹ̀ kan, ó fà á yọ, ó sì fi gbóòórùn.

"Ọmọ Àlàájì, obì yìí ti ń làágùn. Jẹ́ ká tú u."

Mo mọ̀ pé òótọ́ ni. Kí n tó gbọ́ ọ lẹ́nu rẹ̀ ni mo ti gbóòórùn rẹ̀ láti ẹnu ọ̀nà. Ṣùgbọ́n bí a bá tú u, a ó nílò ewé tuntun. Bàbá Eléwé dé láàárọ̀ ọjọ́ náà láti ọ̀nà Ìkẹ́nnẹ́, ó di ewé gbòdògì sẹ́yìn ọ̀kadà, ó sì dá iye kan tí mi ò gbọ́ rí. Mo ní kí ló dé. Ó ní epo ni.

"Ṣé ewé náà ń mu epo ni?"

"Ewé ò mu epo, ìyáàfin. Ọ̀kadà tó gbé e ló ń mu ún."

Ẹ wò ó, òótọ́ ọ̀rọ̀ ni, kò sì fi rí mi fín. Ṣùgbọ́n mo ti gbọ́ "epo ni" lẹ́nu awakọ̀, mo gbọ́ ọ lẹ́nu ẹlẹ́ran, mo gbọ́ ọ lẹ́nu tíṣà ọmọ mi. Gbogbo ìbínú tí mo ní sí ìjọba, sí Lárúbáwá, sí òyìnbó, ọkùnrin arúgbó yẹn ni mo dà á lé lórí. Mo pè é ní olè. Mo ní kó gbé ewé rẹ̀ máa lọ. Ó gbé e. Mo wo ẹ̀yìn rẹ̀ bó ṣe ń lọ, inú mi sì dùn. Kì í ṣe pé mi ò lágbára àtirà á, Bàbá. Mo lágbára rẹ̀. Mo kàn kọ̀ ni. Ìyá Rìsí jókòó ti obì tí kò tíì bó.

Lọ́rì gbéra lọ́jọ́ kejì. Ó ń dúró lójú ọ̀nà, ó ń wá dísẹ́ẹ̀lì láti ìlú dé ìlú, ó lo ju ìlọ́po méjì ọjọ́ tó yẹ kó lò. Àlàájì Garba gbà á, ó sì tà á bó ṣe máa ń tà á. Ẹni tó rà á tú ọ̀kan lójú ọjà. Dúdú. Ó ń yọ̀, ó ń rùn. Wọ́n ní àwọn ènìyàn kóra jọ láti wò ó, nítorí pé wọn ò rí inú apẹ̀rẹ̀ wa rí.

Àlàájì Garba pè mí. Ẹ mọ̀ pé ó gbé Sábó tiwa pẹ́, Yorùbá rẹ̀ já gaara. Mo ti ń retí èébú. Ó ní, "Má sunkún, ọmọ ọ̀rẹ́ mi. Epo ló fa èyí. Tòmátì tiwa náà ń jẹrà kó tó dé ọ̀dọ̀ yín."

Mo ní, "Ẹ ṣé, Bàbá. Epo ni."

Ọ̀rọ̀ méjì péré. Ẹ bá mi wò ó, kò tilẹ̀ nira láti sọ.

Gbogbo Mákùn wá bá mi kẹ́dùn. Àwọn ọkùnrin tó máa ń jókòó sórí bẹ́ǹṣì iwájú ilé wa ń jà sí ogun tí wọn ò rí. Ọ̀kan wà lẹ́yìn Amẹ́ríkà, ọ̀kan ní àwọn Ṣáínà ló ń jẹ èrè rẹ̀ lábẹ́lẹ̀, ọ̀kan ní àwọn olówó tiwa ni ká kọ́kọ́ mú. Mo bá wọn sọ ọ́. Èpè tèmi ló rinlẹ̀ jù. Ohun tó ń jẹ mí lọ́kàn sì nìyí: kò sí ọ̀kan tí mo parọ́ nínú rẹ̀. Ìjọba jẹ̀bi. Àwọn ológun jẹ̀bi. Ẹni tó ń fi dọ́là wọn epo tó ti inú ilẹ̀ wa jáde jẹ̀bi, mi ò sì ní dárí jì wọ́n láéláé. Wọ́n kàn ṣe ibi tó tóbi tó bẹ́ẹ̀ tí mo fi rí àyè fi tèmi pamọ́ sínú rẹ̀. Ìyá Rìsí ń rìn wá láràárọ̀, ó ń kí mi, ó ń jókòó. Kò fi ojú bú mi rí. Ì bá bú mi.

Ṣé ẹ̀yin náà ṣe irú rẹ̀ rí, Bàbá? Ṣé ọjọ́ kan wà tí ọwọ́ yín dé inú apẹ̀rẹ̀, tó móoru, tí ẹ sì fà á yọ láìsọ̀rọ̀? Àbí òótọ́ ni gbogbo ohun tí mo gbà gbọ́ nípa yín? Ó ń wù mí kí ẹ ti ṣe é rí, lẹ́ẹ̀kan péré. Àánú ara mi ló ń ṣe mí tí mo fi ń wí bẹ́ẹ̀.

Ọjọ́ Ìṣẹ́gun kan ni mo pe Àlàájì Garba láàárọ̀. Mo ní, "Bàbá, kì í ṣe epo. Obì náà ti ń làágùn kó tó wọ lọ́rì. Wọ́n sọ fún mi, mi ò tú u."

Mo ń gbọ́ ọjà lẹ́yìn rẹ̀, ẹnì kan ń ná nǹkan lédè Haúsá, ẹnì kan ń rẹ́rìn-ín.

"Ó dáa bó o ṣe sọ ọ́," ló wí. "Kó ẹrù tó kàn wá. Màá gbà á. Ṣùgbọ́n àwọn ọmọ mi yóò máa tú u."

Mo lọ sí ọ̀nà Ìkẹ́nnẹ́, mo dọ̀bálẹ̀ bí ọkùnrin fún Bàbá Eléwé, nítorí pé ìkúnlẹ̀ ò tó. Mo ra ewé ní iye tó dá. Ẹ̀ẹ̀mejì la tú ẹrù náà kí lọ́rì tó dé. Mo ti ọwọ́ ara mi bọ apẹ̀rẹ̀ kọ̀ọ̀kan, ó tutù. Lọ́rì náà tún pẹ́ lójú ọ̀nà. Epo ò tíì rọlẹ̀, ogun ò tíì parí, inú mi ò sì tíì rọ̀.

Ẹrù náà dé Kánò lọ́sẹ̀ tó kọjá. Wọ́n dà á sórí ẹní lójú gbogbo ọjà, wọ́n ṣà á níkọ̀ọ̀kan láti àárọ̀ títí oòrùn fi kan àtàrí. Wọn ò rí ẹyọ kan tó bàjẹ́. Wọ́n máa tú èyí tó ń bọ̀ náà.

Kí Ọlọ́run bá mi tẹ́ yín sáfẹ́fẹ́ rere. Mo fẹ́ràn yín, bí mo tilẹ̀ ń bínú.

Èmi ni, ọmọ yín obìnrin, ní ilé obì.