Fọ́tò Tí Àbúrò Mi Ti Lanu

Ẹ̀yin olóòtú wa tí ohùn yín ń tu ni lára, ẹ kú iṣẹ́ o. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má dárúkọ mi.

Ayàwòrán ni mí. Ẹgbẹ́ olórin rọ́ọ̀kì tí àbúrò mi ọkùnrin ń kọrin fún ni mo fi kọ́ṣẹ́. Yóò máa pariwo lórí pèpéle bí ẹni tí ilé rẹ̀ ń jó, èmi yóò máa yà á ní fọ́tò. Lọ́jọ́ kan, ọkọ̀ wọn takìtì lọ́nà òde eré. Àbúrò mi nìkan ni kò dìde mọ́.

Màmá wa ní kí n wá fọ́tò rẹ̀ kan tí a máa gbé kọ́ sí pálọ̀. Mo tú gbogbo rẹ̀, kò sí èyí tó ti panu dé. Láti ìgbà náà, mi ò ya olórin mọ́. Ilé onílé ni mò ń lọ, tí mò ń ya àwọn tó jókòó jẹ́ẹ́, kí ẹbí wọn má bàa wá irú fọ́tò bẹ́ẹ̀ tì lọ́jọ́ kan.

Àfi bí màmá ṣe fúnra wọn gbé èyí tí àbúrò mi ti lanu gbàgà jù kọ́ sí pálọ̀.

Mo ní, "Màmá, eléyìí ń pariwo."

Wọ́n ní, "Òun ni mo fẹ́. Ilé yìí ti dákẹ́ jù."

Ẹgbẹ́ náà ti wá ń pè mí padà báyìí. Ẹ̀yin olùgbọ́, ṣé kí n lọ? Ẹ tètè dáhùn o, màmá ti ń bá mi nu kámẹ́rà.