Ìjàkadì Àdìsá Níwájú Ajẹ́lẹ̀

Ọjọ́ Ẹtì, ọjọ́ ìbí Ọbabìnrin àwọn òyìnbó

Ọ̀rọ̀ yìí kò yé mi. Gbogbo ìjàkadì tí Ajẹ́lẹ̀ òyìnbó pè lọ́dún yìí, kò sí ẹni tó dá àbúrò mi, Àdìsá. Lónìí, lójú gbogbo Ọ̀tà, ará Ìgbẹsà kan báyìí, pẹ́lẹ́ńgẹ́, gbé e ṣánlẹ̀ bí ẹrù igi. Mo rí i kedere: Àdìsá ti di ìbàdí ọkùnrin náà mú, ó sì dédé jọ̀wọ́ rẹ̀.

Àbẹ̀tẹ́lẹ̀ ni. Àbí wọ́n fi nǹkan sí omi tó mu?

Mo tú àpò rẹ̀ wò kó tó dé. Obì kan péré ni mo bá níbẹ̀.

Nígbà tó wọlé, mo ní, "Àdìsá, kí ni wọ́n fún ọ?"

Ó rẹ́rìn-ín. "Ẹ̀gbọ́n mi, ta ló ń gbé ẹ̀gbọ́n ìyàwó ẹ̀ ṣánlẹ̀ lójú ọjà?"

Ìyàwó wo? Ta ló gbọ́ ọ nílé yìí?

Mo wo ọkọ́ rẹ̀ tó fi ti ògiri. Láti ìgbà tí òjò ti bẹ̀rẹ̀, ó ní oko ọ̀rẹ́ òun kan ní Ìgbẹsà lòun ń lọ bá a ro. Ọ̀rẹ́ kẹ̀! Oko àna ló ń ro.

Àpò ni mo ń tú. Ọkọ́ ló yẹ kí n ti máa ṣọ́.