Ikú Kẹrìnlélógójì

Ọjọ́ Ajé, ọjọ́ kẹta oṣù kẹfà

Wọ́n pè mí! Eré tẹlifíṣọ̀n, apá mẹ́tàlá. Èmi ni ìyá Arẹwà — orúkọ tí mo sọ ọmọbìnrin tó jẹ́ olórí eré nìyẹn, ó sì ń jẹ́ ẹ. Inú mi dùn títí mo fi béèrè pé apá wo ni mo máa kú sí. Adarí eré, ọmọ tí kì í bọ́ dígí dúdú lójú, tí mo ń pè ní Dígí, wúkọ́ díẹ̀. "Apá kẹrin, Màmá."

Ó dáa náà. Ọdún mẹ́rìndínlógójì nídìí iṣẹ́ yìí, ẹ̀ẹ̀mẹ́tàlélógójì ni mo ti kú. Iná, májèlé, ejò, kànga. Orí ìkúnlẹ̀ lẹ́ẹ̀mejì — ẹlẹ́ẹ̀kejì, mo ti pé ẹni ọdún mọ́kànléláàádọ́ta! Ọmọ mi ní ikú ni mo fi ń jẹun. Òótọ́ ni. Ṣùgbọ́n ẹ̀ẹ̀kan péré ni mo fẹ́: kí eré parí, kí n ṣì wà láàyè. Mi ò tíì rí i rí.

Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, ọjọ́ kẹrin

Ojú ìwé kọkànlélọ́gọ́ta nínú ìwé eré. Ikọ́ ló máa pa mí. Ikọ́ lásán-làsàn!

Ọjọ́bọ̀, ọjọ́ kẹfà

Wọ́n sin mí lónìí, mi ò sì tíì ṣe ìran kan ṣoṣo. Bẹ́ẹ̀ niṣẹ́ wa rí — òní nìkan ni wọ́n yọ̀ǹda ìtẹ́ òkú fún wa, ìsìnkú ló gbọ́dọ̀ ṣáájú. Wọn ò ní kí n wá. Mo lọ. Ta ni ò ní fẹ́ mọ ẹni tó máa sunkún òun?

Pósí rèé, òfìfo, wọ́n dé e pa. Arẹwà sunkún gidi. Fọ́tò mi ló yẹ kó wà lórí pósí. Bàbá Ẹrù, ẹni tó ń tọ́jú ohun èlò eré, gbàgbé ẹ̀ sílé. Dígí pariwo títí. Òjò ti ń ṣú, wọ́n bá yà á bẹ́ẹ̀. Bàbá Ẹrù ń bẹ̀ mí: "Ẹ̀gbọ́n, ẹ má bínú, ọjọ́ orí ni." Mo ní kò burú, òkú kì í bínú. Irọ́ ni mo pa. Ó dùn mí dé akínyẹmí ara. Wọ́n gbàgbé ojú mi níbi ìsìnkú èmi fúnra mi.

Ọjọ́ Ajé, ọjọ́ kẹwàá

Ìran ilé ìdáná. Arẹwà ní òun fẹ́ kó jáde nílé ọkọ, èmi máa ní kó ní sùúrù — gbogbo ìyá tí mo ti ṣe ló ń sọ bẹ́ẹ̀. Ọ̀rọ̀ pòórá lórí ẹ̀ lẹ́ẹ̀mejì. Mo ń ta á lólobó lábẹ́ ètè. Ọ̀rọ̀ gbogbo èèyàn ni mo máa ń kọ́ sórí, kì í ṣe tèmi nìkan — àṣà orí ìtàgé ni, níbi tí kò ti sẹ́ni tó máa rán ẹ létí. Lẹ́ẹ̀kẹta, ó dákẹ́ pátápátá. Kámẹ́rà ń lọ. Mo ń fọ àwo, mi ò gbójú sókè. Mo ní: "Èmi náà fẹ́ lọ nígbà kan. Mo ní kí n kọ́kọ́ fọ àwo tán."

Kò sí nínú ìwé. Mi ò mọ ibi tó ti wá. Arẹwà bú sẹ́kún, ẹkún tòótọ́. Kò sẹ́ni tó ní ó tó. Ìgbà tí mo wẹ̀yìn, Dígí ti bọ́ dígí. Ojú ẹ̀ kéré, ó pọ́n.

Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, ọjọ́ kọkànlá

Orúnkún. Ọmọ mi ń fi omi gbígbóná tẹ̀ ẹ́, ó ní kí n fi eré sílẹ̀. Mo ní kó jẹ́ n kú tán ná.

Ọjọ́ Ẹtì, ọjọ́ kẹrìnlá

Obìnrin tó kọ eré náà wá. Àtàárọ̀ ló ti jókòó, èmi nìkan ló ń wò. Lẹ́yìn iṣẹ́, Dígí ní: "Màmá, ká ní ẹ ò kú ńkọ́? Ká ní ẹ bá wa dé apá kẹtàlá?" Mo di àga mú. Kí n tó sọ̀rọ̀, obìnrin náà mi orí: a ti ya ìsìnkú. Ìtẹ́ òkú ò ní gbà wá mọ́. Dígí ní ká yọ ìsìnkú náà sọ nù ńkọ́? Obìnrin náà ní rárá, ẹkún Arẹwà yẹn ló dáa jù nínú gbogbo eré.

Oúnjẹ ò wọlé. Ọlọ́run mi, mo fẹ́ ẹ. Mo fẹ́ ẹ bí ọmọdé ṣe ń fẹ́ nǹkan.

Ọjọ́ Àbámẹ́ta, ọjọ́ kẹẹ̀ẹ́dógún

Aṣọ ni mo ń ká. Mo bá kígbe. Fọ́tò! Kò sí fọ́tò!

Mo pe Bàbá Ẹrù. Ṣó dá a lójú pé kò gbé e débẹ̀? Ó rò pé ìjà ni, ó tún bẹ̀rẹ̀ ẹ̀bẹ̀. Mo ní Ọlọ́run á bù kún ẹ, gbàgbé-gbàgbé! Mo pe Dígí. Mo ka ọ̀rọ̀ Arẹwà níbi pósí fún un láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, mo mọ̀ ọ́n ju Arẹwà lọ: "Ta ni yóò máa ṣílẹ̀kùn fún mi báyìí?" Kò dárúkọ ìyá. Kò sójú òkú kankan. Ẹni tó bá wù wá ló lè wà nínú pósí yẹn!

 Kíá ni mo gbọ́ tó ń fi ariwo pe obìnrin òǹkọ̀wé.

Ọjọ́rú, ọjọ́ kọkàndínlógún

Ìwé tuntun dé. Bàbá ọkọ Arẹwà ló kú! Ẹni tó ń ṣe é ni Ohùn-Àrá, ọ̀rẹ́ mi àtijọ́, tí kò kú rí nínú eré. Ọgbọ̀n ọdún ló ti fi ń sin èmi. Ó pè mí: "Ìwọ obìnrin yìí, o pa mí!" Mo ní gbogbo wa la dágbádá ikú, tiẹ̀ ló ṣẹ̀ṣẹ̀ ti ọ̀dọ̀ télọ̀ dé.

Nírọ̀lẹ́ mo kọ́ ọ ní ikọ́ náà, ní pálọ̀ mi. Ó ń pariwo jù. Mo ní rọra, ẹni tó ń kú kì í kánjú. Ó ní èmi yìí ò ṣeé bá ṣọ̀rẹ́.

Ọjọ́ Ẹtì, ọjọ́ kejìdínlọ́gbọ̀n

Ìran tó kẹ́yìn, apá kẹtàlá. Ọmọ ti lọ wá ayé tiẹ̀, èmi nìkan ló kù nílé, mo jókòó sí àga ẹnu ọ̀nà. Kò sí ọ̀rọ̀. Dígí ní kí n ṣáà jókòó, ojú mi ni eré máa fi parí.

Ìgbàkígbà tí wọ́n bá ń ya ìparí, mo ti wọ mọ́tò lọ sílé. Lónìí, èmi ni wọ́n dúró wò. Arẹwà, Ohùn-Àrá, Bàbá Ẹrù, gbogbo wọn tò sẹ́yìn kámẹ́rà. Ọmọ mi gan-an gbàyè níbi iṣẹ́ wá. Mo jókòó. Mo mí kanlẹ̀. Mo rọra gbé orí ti àga…

"Màmá! Ẹ lajú! Ẹ ò kú o!"

Yéè! Mi ò mọ̀ pé mo ti dijú. Ẹ̀rín bú jáde, ọmọ mi rẹ́rìn-ín títí ó fi jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀. Èmi náà rín in, omi ń bọ́ lójú mi.

Wọ́n tún un yà. Mo jókòó. Mo la ojú mi méjèèjì sílẹ̀ kedere. Dígí ní ó tó. Mo ṣì ń wò wọ́n.