Nígbà Tí Àwọn Akàn Dí Ihò Wọn

Bàbá mi àtàtà,

Dọ́kàsì ti bímọ. Obìnrin ni, àti ìyá àti ọmọ ló wà ní àlàáfíà. Mo ní kí n fi ìyẹn ṣáájú, nítorí bí ẹ bá wà láyé, ẹ ò ní lè jókòó títí ẹ ó fi gbọ́ ọ.

Etí òkun, láàárín àwọn Ìlàjẹ, ni Dọ́kàsì, ẹ̀gbọ́n mi, ń gbé báyìí. Lẹ́yìn tí ogun abẹ́lé parí ló lọ sílé ọkọ níbẹ̀. Ní ọ̀sẹ̀ tó kọjá, wọ́n ránṣẹ́ sí wa ní Igbódìgò pé ó ti ń rọbí, ọmọ ò sì tíì wá. Ìyá ò dúró wọ bàtà. Nígbà tí a dé Ìgbòkòdá, Tìmótì, ọmọ àbúrò yín, fi ọkọ̀ rẹ̀ gbé wa, ó ń fi àjẹ̀ wà á.

Omi ń fà padà sókun lọ́sàn-án ọjọ́ náà. Láàárín igbó ẹ̀gbà, níbi tí gbòǹgbò igi ti yọ sókè omi, ọkọ̀ wa há sórí ẹrẹ̀. A sì ń rí òrùlé ilé Dọ́kàsì lọ́ọ̀ọ́kán.

Ṣé ẹ rántí àwọn akàn kéékèèké ibẹ̀, tí akọ wọn ní ọwọ́ ńlá kan àti ọwọ́ kékeré kan? Wọ́n pọ̀ lórí ẹrẹ̀ náà lọ súà, wọ́n ń ju ọwọ́ ńlá yẹn bí ẹni ń pe èrò. Nígbà tí ẹ máa ń mú mi lọ ra ẹja, ẹ máa ń dá àjẹ̀ dúró kí n lè wò wọ́n. Kí ló dé tí ẹ kì í jẹ́ kí n mú ẹyọ kan? Mi ò bi yín rí. Ṣùgbọ́n ẹ kọ́ mi pé bí wọ́n bá wọlé, tí wọ́n fi ẹrẹ̀ dí ẹnu ihò, omi ti ń padà bọ̀ nìyẹn.

Ìyá ti ká ìró rẹ̀, ó ti bọ́ sórí ẹrẹ̀, ó forí lé abúlé. Ẹrẹ̀ mù ún dé orúnkún, ó ṣì ń lọ. Ni mo bá wo ilẹ̀. Àwọn akàn tó ń juwọ́ lẹ́ẹ̀kan ti wọlé. Àwọn tó kù ń fa ẹrẹ̀ bo ara wọn.

“Ìyá, ẹ padà! Omi ń bọ̀!”

“Ọmọ mi ń rọbí, ìwọ ń wo akàn?”

“Bàbá ló sọ bẹ́ẹ̀!”

Ó dúró. Mi ò mọ ohun tó rò. Ó yíjú padà, ṣùgbọ́n ẹrẹ̀ ò fẹ́ fi í sílẹ̀ mọ́, ó ti mù ún dé itan. Tìmótì dojú bolẹ̀ níwájú ọkọ̀, ó na àjẹ̀ sí i, èmi di Tìmótì lẹ́sẹ̀ mú. A fà á, a fà á, títí ó fi ṣubú lù wá. A ò tíì mí délẹ̀ tí omi fi bẹ̀rẹ̀ sí í wọ́ wá. Láìpẹ́ ọkọ̀ léfòó fúnra rẹ̀. Tìmótì ti àjẹ̀ bọ ibi tí Ìyá ti rì sí, ó rí bí omi ti jìn níbẹ̀ tó, ó wò mí, ó sì wa ọkọ̀ lọ.

Igbe ọmọ la gbọ́ bí a ti ń gúnlẹ̀. Àwọn ìyá Aládùúrà tó gbẹ̀bí ti ń kọrin. Mo jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀, mo ń rẹ́rìn-ín, omi ń bọ́ lójú mi.

Bàbá, láti ìgbà tí a ti sin yín, Ìyá kì í jẹun bí ènìyàn. Òkèlè kan, ó ti ṣanwọ́. Kì í sì í dárúkọ yín. Ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ náà, ó gbé ọmọ lé itan, ó ń bá a sọ̀rọ̀: “Bàbá rẹ àgbà ló fà mí jáde o.” Lẹ́yìn náà ó jẹ púpurú tán, ó na àwo sí mi kí n bù sí i.

Ẹ sùn re. Ọkàn wa balẹ̀.

Èmi ni,
ọmọbìnrin yín, tó ṣì fẹ́ràn yín bí àná.