Ògiri Barking tí Mo Pè ní Scotland

Bàbá mi àtàtà,

Mi ò tíì dé Scotland nígbà tí mo sọ fún yín pé mo dé ibẹ̀. Ó ti pé ọdún mẹ́rìnlá tí ọ̀rọ̀ yìí ti há mi lọ́fun, ẹ sì ti lo mẹ́wàá nínú ẹ̀ lábẹ́ ilẹ̀. Ẹ̀ẹ̀mejì ni mo gbìyànjú láti sọ ọ́ lórí fóònù. Lákọ̀ọ́kọ́, ẹ ń wúkọ́, mo ní kí ẹ lọ sinmi. Lẹ́ẹ̀kejì, àlejò wà lọ́dọ̀ yín, mò ń gbọ́ ohùn yín tí ẹ ń wí fún wọn pé, "Èyí tó wà ní London nìyí o, èyí tó lọ fọwọ́ kan ilé olódi!" Ni mo bá yáa béèrè bóyá òjò ti ń rọ̀ ní Ìjẹ̀bú.

Àwòrán tí ẹ fi sínú férémù, tí ẹ gbé kọ́ sí ẹ̀gbẹ́ kàlẹ́ńdà ní pálọ̀, Barking, ní London níbí, ni mo ti yà á. Àwókù ògiri kan ni, lẹ́yìn ọjà, níbi tí àwọn obìnrin ẹlẹ́sìn kan ń gbé láyé àtijọ́ kí ọba wọn tó ní kí wọ́n wó o. Kò jìnnà síbi tí mo ti ń wọ bọ́ọ̀sì lọ síbi iṣẹ́ ní Creekmouth. Ìyá ọmọ kan tó ń kọjá ni mo bẹ̀ pé kó bá mi yà á. Nígbà tí wọ́n tẹ̀ ẹ́ jáde, mo rí i pé ìdí bọ́ọ̀sì pupa yọ díẹ̀ lápá òsì. Mo mú àlùmọ́gàjí, mo gé e dànù. Ìdí nìyẹn tí àwòrán yẹn fi tẹ́ẹ́rẹ́ ju àwọn tó kù lọ, tí ẹ fi ní láti gé páálí tì í lẹ́gbẹ̀ẹ́ kó tó kún inú férémù. Fọlákẹ́ àbúrò mi ló sọ bẹ́ẹ̀ fún mi. Ó ní ẹ fi téèpù wọ̀n ọ́n, ẹ wò ó, ẹ tún un wọ̀n.

Agolo bisikíìtì yẹn ló fà á, Bàbá. Èyí tí ẹ ń kó pẹ́ńsùlù, téèpù àti okùn olójé sí, tí wọ́n ya ilé olódi Scotland kan sí lórí ìdérí ẹ̀, omi níwájú, òkè lẹ́yìn. Èmi ni mo máa ń gbé e tẹ̀lé yín lọ síbi iṣẹ́ bíríkìlà nígbà tí iléèwé bá gba ìsinmi. Tí a bá jẹun ọ̀sán tán, ẹ ó gbé ìdérí yẹn lé orúnkún, ẹ ó máa wò ó bí ẹni ń ka lẹ́tà. Ẹ̀yin tí ẹ kì í lè kọjá lẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri kan láìfi ẹ̀yìn ìka kàn án lẹ́ẹ̀mejì, kí ẹ tẹ́tí sí i. Ògiri tí ẹ ò lè kàn ló wá gba ọkàn yín.

Ọjọ́ tí mò ń lọ, gbogbo èèyàn ló ní ohun tí wọ́n fẹ́ kí n fi ránṣẹ́. Tiyín nìkan ló yàtọ̀. Ẹ ní, "Lọ bá mi wo ilé yìí. Fọwọ́ kàn án. Kó o wá sọ ohun tí wọ́n fi di òkúta ẹ̀ mọ́ra wọn fún mi." Ẹ ò béèrè nǹkan kan míì lọ́wọ́ mi títí ẹ fi lọ.

Kí ló wá dé tí mi ò lọ? Mi ò ní ìwé ìgbélùú. Mo mọ̀ pé ẹ ò gbọ́ ìyẹn rí, mo sọ fún yín pé gbogbo nǹkan ń lọ déédéé. Inú yàrá kan ní Dagenham ni àwa obìnrin mẹ́ta ń gbé. Nígbà tí mo ní mo fẹ́ lọ sí Scotland, Bọ́sẹ̀, ọ̀kan nínú wa, fò sókè lórí bẹ́ẹ̀dì.

"Scotland kẹ̀? Orílẹ̀-èdè míì nìyẹn o! Wọ́n ń wo páálí ìgbélùú èèyàn lẹ́nu bodè. Ṣé ó ń wù ẹ́ kí o sùn sí Lagos ní ọ̀la ni?"

Mo gbà á gbọ́. Kí ni mo mọ̀? Mo ṣáà rí i pé ẹgbẹ́ agbábọ́ọ̀lù wọn dá yàtọ̀, àsíá wọn dá yàtọ̀. Mo rò ó lọ́kàn mi pé ẹni tó ní àsíá á ní asọ́bodè. Nígbà tí ẹ sì wá ń béèrè lóṣooṣù bóyá mo ti dé ibẹ̀, ojú ń tì mí, ni mo bá lọ dúró níwájú ògiri Barking.

Nígbà tí ẹ kú, àìní ìwé ìgbélùú yìí kan náà ni kò jẹ́ kí n wálé. Ẹ jọ̀ọ́. Fọlákẹ́ ní wọ́n gbé àwòrán yẹn sórí tábìlì lẹ́gbẹ̀ẹ́ pósí yín, bíi pé èmi ni mo dúró síbẹ̀. Mo fẹ́ sọ òtítọ́ fún un lọ́jọ́ yẹn. Ó ń sunkún. Mo tù ú nínú, mi ò sọ ọ́.

Ìwé mi ti jáde láti ọdún mélòó kan. Àmọ́ kò sí ẹni tó ń béèrè ògiri lọ́wọ́ mi mọ́, mi ò sì lọ. Oṣù tó kọjá ni Fọlákẹ́ wá pè.

"Sister mi, ọdún kẹwàá Bàbá ti dé tán o. Ìwé ìrántí ti fẹ́ lọ sọ́dọ̀ àwọn tó máa tẹ̀ ẹ́. Àwòrán Scotland yẹn ló máa wà láàárín. Mo ti kọ ọ́ sábẹ́ ẹ̀ pé, 'Àkọ́bí Bàbá dé ibi tí ọkàn Bàbá wà.' Ó dùn, àbí kò dùn?"

Mo ní ó dùn. Mo ní kó fún mi láyè díẹ̀ kí n fi ronú sí i. Bàbá, ẹ wo irú ọmọ tí ẹ bí: ohun tí mo rò ni pé tí mo bá tètè lọ sí Scotland kí wọ́n tó tẹ ìwé yẹn, irọ́ náà á di òtítọ́. Wọ́n á kọ ọ́ pé mo dé ibẹ̀, màá sì ti dé ibẹ̀ lóòótọ́.

Mo háyà ọkọ̀ àti awakọ̀ kan tó máa ń mú èèyàn káàkiri àwọn ilé àtijọ́ ní ìgbèríko wọn fún odidi ọjọ́ kan. Mi ò fẹ́ bọ́ọ̀sì elérò púpọ̀. Mi ò fẹ́ kí wọ́n máa wò mí nígbà tí mo bá ń kan ògiri bí ẹni ń kan ilẹ̀kùn. Bọ́sẹ̀ ló yẹ kó bá mi lọ. Ó ti lọ́kọ, ó ti bímọ, Beam Park ló ń gbé báyìí. Nígbà tó ku ọ̀la, ó ní ara ọmọ òun kò yá. Ó wá fi kún un pé, "Òkúta lásán-làsàn náà lo fẹ́ gba ọ̀nà jíjìn yẹn lọ wò? Ṣé òkúta ti tán ní Ìjẹ̀bú ni?" Mo rẹ́rìn-ín. Nígbà tó gbé fóònù sílẹ̀, mi ò rẹ́rìn-ín mọ́.

Nínú ọkọ̀ ojú irin, pásípọ́ọ̀tù wà lọ́wọ́ mi láti ibùdókọ̀ King's Cross ní London. Mo fi káàdì ìgbélùú há àárín ẹ̀. Wákàtí kan, wákàtí méjì, títí ó fi di mẹ́rin, mò ń retí àwọn asọ́bodè. Nígbà tí obìnrin tó ń wo tíkẹ́ẹ̀tì dé ọ̀dọ̀ mi, mo na pásípọ́ọ̀tù sí i. Ó wò mí, ó rẹ́rìn-ín músẹ́. "Tíkẹ́ẹ̀tì nìkan, ọ̀rẹ́ mi." Mo bi í léèrè pé níbo ni ẹnu bodè wà. Ó ní a ti kọjá ẹ̀ kẹ̀, pátákó kan báyìí ni lẹ́gbẹ̀ẹ́ òkun.

Pátákó, Bàbá. Pátákó lásán ló dì mí lọ́nà ní gbogbo ọdún yẹn, tí ẹ ṣì wà láyé, tí etí yín ṣì ń gbọ́ràn. Mo kọjú sí fèrèsé kí obìnrin yẹn má baà rí mi.

Gordon ni wọ́n ń pe awakọ̀ náà, baba arúgbó kan tó ga, tó máa ń sọ̀rọ̀ bíi pé òkúta wà lẹ́nu ẹ̀. Ó ti tọ́jú ìgò omi méjì àti búláńkẹ́ẹ̀tì méjì sí ẹ̀yìn ọkọ̀. Ó béèrè ẹnì kejì. Mo ní kò lè wá mọ́. Kò kó tiẹ̀ kúrò níbẹ̀, búláńkẹ́ẹ̀tì yẹn sì jókòó tì mí títí ilẹ̀ fi ṣú.

Ṣọ́ọ̀ṣì àtijọ́ kan tí kò lórùlé mọ́ ló kọ́kọ́ mú mi lọ. Kí n tó mọ̀, mo ti bọ́ bàtà sílẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà, bí a ṣe ń ṣe nínú ìjọ aláṣọ funfun wa ní Dagenham. Koríko tutù bíi yìnyín.

"Madam, kí lẹ ń ṣe? Ẹsẹ̀ yín á dì o!"

Mo ní ilé Ọlọ́run ni. Ó wo òkè, níbi tó yẹ kí òrùlé wà, ó mi orí, ó sì ṣí fìlà tiẹ̀ náà. Ẹ̀yin ì bá fẹ́ràn ẹ̀.

Lẹ́yìn náà la dé ilé olódi kan, omi níwájú, òkè lẹ́yìn. Mo ti ṣàlàyé agolo yín fún Gordon. Ó ní agolo bẹ́ẹ̀ pọ̀ lọ bí ilẹ̀ bí ẹní, kò sẹ́ni tó mọ ilé tí ayàwòrán wò. Mi ò mọ̀ bóyá òun gan-an ni, Bàbá. Mo fi ẹ̀yìn ìka kàn án lẹ́ẹ̀mejì, mo gbé etí tì í. Kò sọ nǹkan kan. Ẹ máa ń ní ògiri tó dára kì í fọhùn. Òkúta ńláńlá ni, eérú ni àwọ̀ wọn, kò sí pupa kankan níbẹ̀. Mo wá fi ìka gbẹ́ àárín wọn díẹ̀. Ìkarahun ni, Bàbá. Wọ́n sun ẹfun, wọ́n pò ó mọ́ yanrìn etí òkun, gbogbo ìkarahun wẹ́wẹ́ inú yanrìn náà ṣì wà níbẹ̀, funfun, bí ọjọ́ tí wọ́n kó wọn. Ohun tí wọ́n fi dì í nìyẹn. Ìdáhùn yín nìyẹn.

Mo sọ fún Gordon pé bíríkìlà ni yín. Mi ò mọ ohun tó sún mi, mo fi àwòrán Barking yẹn hàn án lórí fóònù, èyí tí Fọlákẹ́ fi ránṣẹ́. Mi ò sọ ibi tó jẹ́. Ó wò ó, kò tó ìgbà tí èèyàn á fi sẹ́jú.

"Níbo nìyí? Ọ̀dọ̀ wa kọ́ o. Gúúsù lọ́hùn-ún nìyí. Ẹ wo òkúta wẹ́wẹ́ bí eyín, àfọ́kù bíríkì pupa láàárín ẹ̀. A kì í kọ́lé báyìí."

Bàbá, awakọ̀ ni o. Ó sì mọ̀ lójú ẹsẹ̀. Ẹ̀yin tí ẹ to bíríkì fún ogójì ọdún ńkọ́? Ẹ̀yin tí ẹ ó kàn wo ilé onílé láti inú ọkọ̀, tí ẹ ó dárúkọ ẹni tó kọ́ ọ? Ẹ̀yin tí ẹ fi téèpù wọn àwòrán yẹn lẹ́ẹ̀mejì?

Mo wá rántí ọjọ́ tí àwòrán yẹn tẹ̀ yín lọ́wọ́. Ẹ pè mí. Ẹ dákẹ́, ó pẹ́, mo rò pé ẹ̀rọ ti já. Mo ti múra sílẹ̀ láti purọ́ nípa ohun tó di òkúta mọ́ra. Ẹ ò béèrè. Ohun tí ẹ bi mí ni pé, "Ṣé o ti jẹun?" Láti ọjọ́ yẹn, ẹ ò béèrè ọ̀rọ̀ ògiri lọ́wọ́ mi mọ́. Inú mi dùn nígbà yẹn, mo rò pé mo ti tẹ́ yín lọ́rùn.

Ṣé ẹ mọ̀? Ṣé ẹ ti mọ̀ ní gbogbo ìgbà tí ẹ ń fi í han àwọn àlejò? Ṣé èmi lẹ ń bò láṣírí ni, àbí ẹ ṣáà fẹ́ rí ojú mi lára ògiri, ògiri yòówù kó jẹ́? Mo jókòó sínú ọkọ̀ Gordon, mo sunkún, ó yí rédíò sílẹ̀.

Mo ní àwòrán tuntun báyìí, èyí tí Gordon yà fún mi níwájú ilé olódi. Mo lè fi í ránṣẹ́ sí Fọlákẹ́ kó fi rọ́pò ti àtijọ́, kò sì sẹ́ni tó máa mọ̀ láé. Láti ìgbà tí mo ti padà dé, mo ti fẹ́ ṣe é bí ẹ̀ẹ̀mẹta. Àmọ́ ti Barking lẹ gbé kọ́. Ti Barking lẹ gé páálí tì.

Lọ́la, kí Fọlákẹ́ tó kúrò nílé lọ sọ́dọ̀ àwọn tó ń tẹ̀wé, màá pè é, màá sọ gbogbo ẹ̀ fún un, kódà tó bá ń sunkún. Màá ní kó fi àwòrán yẹn síbẹ̀ bó ṣe wà, kó sì kọ ọ́ sábẹ́ ẹ̀ pé, "Àkọ́bí Bàbá, ní Barking." Lẹ́yìn náà màá wọ bọ́ọ̀sì lọ sẹ́yìn ọjà, màá fi ẹ̀yìn ìka kan ògiri yẹn lẹ́ẹ̀mejì, màá sì wo ohun tó wà láàárín òkúta ẹ̀ fún yín.

Èmi ni, ọmọ yín tó ń gbé agolo tẹ̀lé yín, tí kò tíì gbé e kalẹ̀.