Èdè Iwin Lábíyá Boniface

Uso,
Ọjọ́ Kejìlá, Oṣù Kejì, 1993.

Fẹ̀sọ̀jayé ọmọ mi,

Báwo ni Èkó, báwo ni iṣẹ́, báwo ni àwọn tí ẹ jọ ń gbé? Àwa níbí ń mí, ọyẹ́ kàn gbẹ wá létè ni. Ọlọ́run kò ní jẹ́ kí ìlú tó gbà ọ́ lálejò sọ ọ́ di àlejò nílé baba rẹ. Ìyá rẹ kí ọ. Ó ní kí n má bá ọ jà, nítorí náà n kò ní bá ọ jà, ìròyìn lásán ni mo fẹ́ ròyìn.

Ìwé tí o fi rán dẹ́rẹ́bà dé. O ní kí a bá ọ tọ́jú rẹ̀ torí òjò ń wọ yàrá rẹ, mo sì tọ́jú rẹ̀, ṣùgbọ́n mo kọ́kọ́ kà á. Ẹgbẹ̀rún méjì ọ̀rọ̀ èdè kan tí a kò gbọ́ rí ni ìwọ àti ẹgbẹ́ rẹ kó jọ, tí ẹ túmọ̀ ọ̀kọ̀ọ̀kan. Mo tún rí fọ́ọ̀mù kan láàárín rẹ̀ tí o kọ orúkọ tuntun sí ní èdè náà. Mo pe ẹbí. Gbogbo wa gbà pé ènìyàn kì í kọ́ ẹgbẹ̀rún méjì ọ̀rọ̀ èdè ará ibòmíràn àfi tí ó bá fẹ́ fẹ́ ọmọ wọn, àti pé àwọn àna ti sọ ọ́ lórúkọ.

Ìwọ náà mọ̀ pé a kì í gbéyàwó láìwádìí ìdílé. A bi àwọn ará Imoru àti Arimogija, wọ́n ní kì í ṣe tiwọn. A wá rán àbúrò mi, Boniface akọ̀wé kóòtù, lọ sí Àkókó, níbi tí òkè kan kì í ti í gbọ́ èdè òkè kejì, a ní kò lè ṣàìsí lórí ọ̀kan. Ìlú márùn-ún ló gbé ìwé rẹ yí ká. Níbi gbogbo ni wọ́n ti fún un lẹ́mu, tí wọ́n ní kó lọ wo òkè tó kàn. Ní ìlú karùn-ún, baálẹ̀ ní kó ka bí wọ́n ṣe ń kí ẹni tó toko dé. Boniface wá a tì. Ó rí orúkọ mọ́kànlá fún idà, kò rí ẹ kú iṣẹ́ kan ṣoṣo. Baálẹ̀ ní ẹ má fẹ́ ọmọ wọn.

Tíṣà Monica, aládùúgbò wa, ló wá ka ojú ìwé àkọ́kọ́, tó rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú rẹ̀. Ó ní kò sí ìlú bẹ́ẹ̀ láyé, òyìnbó kan ló jókòó sílé tó fi orí ara rẹ̀ dá èdè sílẹ̀ fún àwọn iwin inú ìtàn, òyìnbó náà kò sì fèsì lẹ́tà yín, ẹ wá ń bá ara yín jà láti Èkó dé Lọ́ńdọ̀nù lórí ohun tí iwin ì bá sọ. Ẹ kú iṣẹ́. Kò dáa kí èdè iwin parun.

Ọ̀rọ̀ tó kù nìyí. Ìyá mi, tó pọ̀n ọ́ dàgbà, kò gbọ́ Yorùbá mọ́. Láti ẹ̀yìn Kérésìmesì tí àìsàn ti dá wọn dùbúlẹ̀, èdè Àkókó tí wọ́n bí wọn sí nìkan ló kù lẹ́nu wọn. Láràárọ̀ ni wọ́n ń di ọwọ́ mi mú, tí wọ́n ń bèèrè nǹkan kan náà. Mo gbé omi wá, wọ́n mi orí. Mo gbé ẹ̀kọ gbígbóná wá, wọ́n mi orí. Mo gbé ìlẹ̀kẹ̀ àdúrà wọn wá, wọ́n sunkún. Èmi ọmọ inú wọn kò mọ ohun tí wọ́n ń fẹ́. Ní kékeré, èmi àti àwọn ọmọ àdúgbò la máa ń sín wọn jẹ bí wọ́n bá sọ èdè wọn, títí wọ́n fi gbé e mì. Nọ́ọ̀sì ní kò ní pẹ́ mọ́.

Ìlú karùn-ún yẹn ni wọ́n ti bí wọn. Boniface jókòó síbẹ̀ látàárọ̀ dìrọ̀lẹ́ pẹ̀lú ẹgbẹ̀rún méjì ọ̀rọ̀ iwin lábíyá, kò sẹ́ni tó rántí fi ẹyọ kan ti ìyá rán an. Mo rán an padà lọ́sẹ̀ tó kọjá, mo fi ọ̀rọ̀ náà sí i lẹ́nu, ṣùgbọ́n kó tó dé ọ̀hún ó ti bà á jẹ́, àwọn ará ibẹ̀ ní àwọn kò gbọ́ irú rẹ̀ rí. Àwọn àgbà wọn tó gbọ́ ìjìnlẹ̀ èdè náà kò sì lè sọ̀kalẹ̀ láti orí òkè wá mọ́.

Nítorí náà, gbé téèpù tí ẹgbẹ́ yín fi ń gba ohùn, ra bátìrì tuntun, fi owó ọkọ̀ Àkókó kún un, torí òògùn ti gba tọwọ́ mi, kí o sì wá gba ohùn ìyá lọ sí ọ̀hún lọ́sẹ̀ yìí. Iwin kì í kú, wọ́n á dúró dè ọ́.

Ọlọ́run tó fún ọ létí tó ń gbọ́ ohun tí ẹnikẹ́ni kò sọ rí, kó jẹ́ kí o bá èyí lẹ́nu ẹni tó ni ín.

Èmi ni bàbá rẹ,
Sylvanus.